"Hereby" kì í ṣe "níbí"

Ìbéèrè

Ẹ kú iṣẹ́, sà. Ilé oníyàrá méjì ni èmi àtàwọn ọmọ mi ń gbé ní Mushin, ọdọọdún la sì ń san owó ilé. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, lọ́yà onílé wa kọ lẹ́tà sí mi. Ibi tó ká mi lára jù nínú rẹ̀ nìyí: "You are hereby given notice to quit and deliver up possession." Ọmọ mi ọkùnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ parí yunifásítì ní "níbí" ni "hereby", pé gírámà lọ́yà lásán ni, kí n má dà á rò. Àmọ́ òun fúnra rẹ̀, gbogbo lẹ́tà tó fi ń wáṣẹ́ ló ń fi "I hereby write to apply" bẹ̀rẹ̀. Kí ni ọ̀rọ̀ yìí túmọ̀ sí gan-an? Ṣé ó ń ṣe nǹkan kan ni, àbí wọ́n kàn fi ń ṣe ọ̀ṣọ́? Báwo sì ni Yorùbá ṣe ń sọ ọ́? Èmi ni Ìyá Ìbejì.

Ìdáhùn

Ẹ pẹ̀lẹ́ o, Ìyá Ìbejì. Kí n tó sọ ohunkóhun, ẹ tọ́jú lẹ́tà yẹn dáadáa. Gírámà ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n gírámà tó ń ṣiṣẹ́ ni.

Ẹ má bá ọmọ yín wí jù. Ibi tó ti ṣì í ni èmi náà ti ṣì í rí. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ògbufọ̀, wọ́n ní kí n ka irú ìwé bẹ́ẹ̀ sétí bàbá àgbà kan ní Yorùbá. Mo dé ibi tí "hereby" wà, mo gbẹ́nu sókè: "Níbí yìí ni a ti fún yín ní nótíìsì..." Bàbá tẹ́tí títí, wọ́n wá bi mí pé: "Ṣé iwájú ilé nìkan ni, àbí ó kan ẹ̀yìnkùlé náà?" Ẹ̀rín fẹ́rẹ̀ẹ́ pa lọ́yà tó jókòó tì wá. Ojú tì mí, mo lọ ka ìwé.

Ẹ gé ọ̀rọ̀ náà sí méjì: "here" àti "by". Nínú ọ̀rọ̀ ojoojúmọ́, "níbí" ni "here" lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ó ní ìdílé ọ̀rọ̀ àtijọ́ kan tí àwọn lọ́yà ò jẹ́ kó kú, bíi "herein", "hereof", "herewith", "hereunder". Nínú ìdílé yẹn, "èyí" ni "here" ń sọ, ìyẹn ìwé gan-an tó wà lọ́wọ́ ẹni tó ń kà á. "Herein" ni "nínú èyí", "herewith" ni "pẹ̀lú èyí". "Hereby" wá jẹ́ "nípasẹ̀ èyí". Àwọn ará Jámánì náà ní tiwọn, "hiermit", ọ̀nà kan náà ni wọ́n gbà so ó pọ̀. Ọ̀rọ̀ àpọ́nlé ni, àmọ́ kì í sọ ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀. Ohun tí wọ́n fi ṣe é ló ń sọ.

Ìtumọ̀ rẹ̀ nìyẹn. Iṣẹ́ tó ń ṣe ni mo fẹ́ kí ẹ fọkàn bá mi lọ síbẹ̀.

Bí mo bá ní òjò ń rọ̀, ìròyìn ni mo ń ṣe. Bí mo sọ ọ́ bí mi ò sọ ọ́, òjò á rọ̀. Ṣùgbọ́n bí bàbá bá gbé ọmọ lọ́wọ́ lọ́jọ́ ìkómọ, tó ní "Mo sọ ọ́ ní Ayọ̀délé," ìròyìn kọ́ ló ń ṣe. Kó tó lanu, ọmọ ò tíì lórúkọ. Nígbà tó pa ẹnu dé, ọmọ ti di Ayọ̀délé. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún ni iṣẹ́ ọ̀hún. Ọ̀mọ̀wé kan ní Oxford, J. L. Austin, sọ̀rọ̀ púpọ̀ lórí irú gbólóhùn báyìí ní yunifásítì Harvard lọ́dún 1955. Wọ́n tẹ àwọn ìdánilẹ́kọ̀ọ́ náà ní ìwé lọ́dún 1962, lẹ́yìn tí ó ti kú. "Hereby" wà lára àmì tó ní kí a máa fi dá wọn mọ̀: bí ẹ bá fi sáàárín gbólóhùn tí ó gbà á, gbólóhùn náà ń ṣe nǹkan. "I hereby promise" dún dáadáa, torí ìlérí kì í ju ọ̀rọ̀ lọ. Ẹ wá gbìyànjú "I hereby cook rice", ìyẹn "Mo fi ọ̀rọ̀ yìí se ìrẹsì". Ẹ máa wo ìkòkò lọ, omi ò ní hó.

Ọ̀rọ̀ náà kò ṣàjèjì sí wa. Bí àwọn baba wa bá sọ ọ̀rọ̀ tó di iṣẹ́ lójú ẹsẹ̀, àfọ̀ṣẹ ni wọ́n ń pè é. Àfọ̀ṣẹ lọ́yà ni "hereby". Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé kò ní oògùn nínú, àṣẹ ẹni tó ń sọ ọ́ ló gbé e dúró. Bí èmi bá kọ ọ́ lónìí pé "I hereby sack the governor", mo kàn ba bébà jẹ́ ni.

Níbi tí àṣẹ bá wà, ẹ wo bí ọ̀rọ̀ kékeré yìí ṣe tó. Òfin ìlò ilẹ̀ (Land Use Act) tí ìjọba ológun Ọbásanjọ́ gbé jáde ní ọjọ́ 29 oṣù kẹta ọdún 1978 sọ ní ìpín kìíní pé gbogbo ilẹ̀ tó wà ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan di "hereby vested in the Governor". Kò ní wọ́n máa tó gbé e lé gómìnà lọ́wọ́, kò sì ní wọ́n ti gbé e lé e lọ́wọ́ rí. A fi òfin yìí gbé e lé e lọ́wọ́, ó parí. Ẹni tó sùn lálẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú gẹ́gẹ́ bí onílẹ̀ bàbá rẹ̀ jí sínú ètò mìíràn, títí dòní ni a sì ń sá kiri nítorí C of O, ìwé ẹ̀rí ilẹ̀ tí gómìnà ń fúnni. Ìwé òfin orílẹ̀-èdè Nàìjíríà (constitution) ti ọdún 1999 náà bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú pé àwa ará Nàìjíríà "do hereby make, enact and give to ourselves" òfin náà. Ìjọba ológun ló fi díkìrì gbé e jáde, ìdí nìyẹn tí àwọn kan fi ń bi ara wọn títí di báyìí pé ta ni "àwa" tí wọ́n ń wí. Mi ò dá wọn lẹ́bi. "Hereby" tí kò mọ ẹni tó ń sọ ọ́ ṣòro gbé mì.

Àbúrò "hereby" kan wà tó burú jù ú lọ fún ògbufọ̀, òun ni "by these presents". "Presents" ibẹ̀ kì í ṣe ẹ̀bùn o, ìwé tó wà níwájú yín náà ló ń sọ. Ọ̀rọ̀ yẹn ló wà nínú àdéhùn ọjọ́ 6 oṣù kẹjọ ọdún 1861, tí Ọba Dòsùnmú fi fa Èkó lé ọbabìnrin Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́, nígbà tí ọkọ̀ ogun wọn ń halẹ̀ létí omi. Àmì X ni ọba fi buwọ́ lù ú. Nígbàkígbà tí mo bá ń túmọ̀ ìwé fún ẹni tó máa tẹ ìka, mo máa ń rántí X yẹn, mo sì máa ń tún ibi tí "hereby" wà kà lẹ́ẹ̀mejì.

Ó yá, lẹ́tà tiyín. "You are hereby given notice to quit" kò ní onílé ń ronú àtilé yín. Kò sì ní lẹ́tà mìíràn ń bọ̀. Lẹ́tà yẹn fúnra rẹ̀ ni kúìtì nótíìsì. Bó bá jẹ́ "our client intends to give you notice" ni lọ́yà kọ, ìkìlọ̀ lásán nìyẹn ì bá jẹ́, kò sì sí ọjọ́ kankan tó ti bẹ̀rẹ̀ sí í ká. Ẹ̀yin rí i pé "hereby" ibẹ̀ kì í ṣe ọ̀ṣọ́? Bí wọ́n bá yọ ọ́ kúrò, tí wọ́n kọ "We give you notice", iṣẹ́ kan náà ni yóò ṣe. Ṣùgbọ́n bó ti wà níbẹ̀ yìí, kò sí ẹni tó lè sọ pé bóyá nótíìsì kọ́.

Síbẹ̀, ohun tí mo wí lẹ́ẹ̀kan nípa ẹni tí kò ní àṣẹ láti lé gómìnà kúrò kan ẹjọ́ tiyín náà. "Hereby" ò lè fún onílé ní ohun tí òfin ò fún un. Lábẹ́ òfin ayálégbé Ìpínlẹ̀ Èkó ti ọdún 2011, bí àdéhùn yín kò bá sọ ohun mìíràn, oṣù mẹ́fà ni nótíìsì ẹni tó ń san owó lọ́dọọdún. Mushin wà nínú òfin náà, Apapa, Ikeja GRA, Ikoyi àti Victoria Island ló yọ sílẹ̀. Bí oṣù mẹ́fà bá pé tí ẹ ò tíì kó jáde, wọ́n tún gbọ́dọ̀ fún yín ní ìwé ọlọ́jọ́ méje pé àwọn ń lọ sílé ẹjọ́. Ilé ẹjọ́ nìkan ló lè ní kí wọ́n kó ẹrù yín síta. Bí lẹ́tà yín bá ní kí ẹ kó jáde láàárín oṣù kan, bó kọ "hereby" lẹ́ẹ̀mẹwàá, oṣù kan ò ní di mẹ́fà. Ó sì yẹ kí onílé ti gbé agbára lé lọ́yà náà lọ́wọ́ kó tó lè kọ ọ́ ní orúkọ rẹ̀.

Ibòmíràn tí mo ti ń rí i tó níṣẹ́ gidi ni wíìlì. "I hereby revoke all former wills." Bí bàbá kan bá kọ "I want to revoke", ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀ ló sọ. Bó bá kọ "I hereby revoke", tó buwọ́ lù ú lójú ẹlẹ́rìí méjì tí àwọn náà buwọ́ lù ú, wíìlì àtijọ́ ti kú, kódà kó ṣì wà nínú àpótí. Lẹ́tà ìfiṣẹ́sílẹ̀ náà rí bẹ́ẹ̀. "I hereby resign" ti kúrò lẹ́nu iṣẹ́, "I am thinking of resigning" ṣì ń retí kí ọ̀gá bẹ̀ ẹ́.

Ọmọ yín ló kù. "I hereby write to apply": ẹ bá mi fi Yorùbá sọ ọ́ kí ẹ gbọ́ bó ṣe rí. "Mo fi ìwé yìí kọ̀wé." Ẹni tó ń kà á ti rí i pé ó kọ̀wé, àbí ta ló gbé bébà sí iwájú rẹ̀? "I hereby apply" kò lábùkù nínú, nítorí pé lẹ́tà náà ni ìbéèrè fún iṣẹ́. Ó kàn wúwo bí agbádá lóòrùn ni. "I am applying for the post" ti tó, orúkọ iṣẹ́ náà ni kó wá kọ tẹ̀ lé e. Kí ó sì yẹra fún "I hereby want", torí pé a kì í fi lẹ́tà fẹ́ nǹkan, ọkàn la fi ń fẹ́ ẹ. "Hereby attached is my CV" náà kò dáa, pín-ìnnì tàbí bọ́tìnnì kọ̀ǹpútà ló so ó mọ́ ọn. Kí ó kọ "Attached is my CV" kó máa lọ.

Ẹ jẹ́ n ṣàròyé díẹ̀. Àwọn akọ̀wé ẹgbẹ́ onílé àdúgbò fẹ́ràn láti máa kọ "It was hereby resolved" sínú mínìtì. Kò ṣeé ṣe. Ìsinsìnyí ni "hereby" ń gbé, ìṣẹ́jú tí ọ̀rọ̀ náà ń jáde gan-an. "It is hereby resolved" dáa, "It was resolved" náà dáa. Bí wọ́n bá pa méjèèjì pọ̀, wọ́n ń sọ pé àwọn ń fi ìwé òní ṣe ohun tí wọ́n ti ṣe tán lánàá. Ibi tó máa ń jókòó sí kò sì le: iwájú ọ̀rọ̀ ìṣe ni, bíi "I hereby resign", tàbí lẹ́yìn "is", "are" àti "do", bó ṣe wà nínú lẹ́tà yín. Kí wọ́n má sì fi "thereby" rọ́pò rẹ̀. "Nípa bẹ́ẹ̀" ni ìyẹn, ohun tó tẹ̀yìn ọ̀rọ̀ yọ ló ń sọ, kò ní àṣẹ kankan nínú.

Ní ti Yorùbá, a ò ní ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tó dúró fún un, a ò sì nílò rẹ̀, nítorí "fi" wà. "Mo fi ìwé yìí yan àbúrò mi ní aṣojú." "A fi àsìkò yìí kéde fún gbogbo mùtúmùwà." Ẹlẹ́sìn ìbílẹ̀ tó mú irin lọ́wọ́ nílé ẹjọ́, tó ní "Mo fi Ògún búra", ti ṣe "hereby" tirẹ̀ láìgbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ohun tó ń fún ògbufọ̀ níṣẹ́ ni pé Gẹ̀ẹ́sì fi nǹkan pamọ́ sínú "here". Yorùbá ò gbà bẹ́ẹ̀. Bí ẹ bá ti sọ "fi", ẹ gbọ́dọ̀ dárúkọ ohun tí ẹ fi ṣe é: ìwé yìí ni, òfin yìí ni, àbí ọ̀rọ̀ ẹnu mi? Bó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹnu alága tó ní "I hereby declare this meeting open", "Mo ṣí ìpàdé yìí báyìí" ni mo máa ń sọ, "báyìí" yẹn gbé e dáadáa.

Bí mo bá fẹ́ ka ìlà tiyín fún yín, ohun tí mo máa sọ nìyí: "A fi ìwé yìí fún yín ní nótíìsì pé kí ẹ kó jáde, kí ẹ sì dá ilé padà fún onílé." Ẹ wo déètì tó wà lórí rẹ̀, kí ẹ sì kọ ọjọ́ tó dé ọwọ́ yín sẹ́yìn àpò ìwé náà. Lẹ́yìn náà, kí ẹ gbé e lọ bá lọ́yà, tàbí kí ẹ lọ sí Citizens' Mediation Centre tí ìjọba Èkó dá sílẹ̀. Wọn kì í gbowó, ọ̀rọ̀ onílé àti ayálégbé sì ni wọ́n ń gbọ́ lójoojúmọ́. Ẹ mú ìwé àdéhùn ilé àti rìsíìtì owó tí ẹ san kẹ́yìn dání.