Àwọn Obìnrin Tó Ṣe Olórí Nígbà Ìjọba Ológun

Ẹ béèrè bóyá ìwé ìròyìn àtijọ́ nìkan tó fún yín láti fi kọ ìtàn àwọn obìnrin tó wà nípò àṣẹ nígbà ìjọba ológun. Èmi tí mo ti fi ọ̀pọ̀ ọdún wá irú àwọn obìnrin bẹ́ẹ̀ kiri ní Àbújá àti agbègbè rẹ̀ lè sọ fún yín pé kò tó rárá.

Ìyàwó olórí ìjọba ni àwọn oníròyìn ń tẹ̀ lé. Láti 1987 tí Maryam Babangida ti dá Better Life, ètò ìrànlọ́wọ́ fún àwọn obìnrin ìgbèríko, sílẹ̀ ni wọ́n ti ń kọ nípa rẹ̀ (àti nípa aṣọ rẹ̀), títí Maryam Abacha fi gbé ètò tirẹ̀, Family Support, dé ní 1994. Ní ìpínlẹ̀, ìyàwó gómìnà ológun ni alága Better Life. Bí wọ́n bá ti gbé ọkọ lọ síbòmíràn, òun náà á palẹ̀ mọ́, ìyàwó gómìnà tuntun á sì gorí àga. N kò fojú kéré ohun tí wọ́n ṣe, ṣùgbọ́n ipò ọkọ ni wọ́n fi ń pàṣẹ. Ọ̀tọ̀ ni Àjọ Àpapọ̀ fún Ọ̀rọ̀ Obìnrin tí òfin ológun dá sílẹ̀ ní 1989, tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Bọ́láńlé Awẹ́, tó jẹ́ onímọ̀ ìtàn, ṣe alága rẹ̀: ìmọ̀ tirẹ̀ ló gbé e débẹ̀.

Ẹ má sì retí pé ìjọba ológun yóò ní ojú kan ṣoṣo. Èyí tó jẹ́ kí obìnrin òkè Ọya ní ẹ̀tọ́ ìdìbò ní 1976 náà ni kò fi obìnrin kankan sínú ìgbìmọ̀ tó yàn ní 1975 láti kọ ìwé òfin orílẹ̀-èdè.

Hajiya kan ní Suleja gbé ìwé ẹgbẹ́ wọn, àwọn tó ń lọ ẹ̀gẹ́, jáde fún mi láti ìsàlẹ̀ àpótí aṣọ. Orúkọ àwọn ọmọ ẹgbẹ́ wà níbẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, àtàǹpàkò tí wọ́n fi yíńkì búlúù tẹ̀ sì wà níwájú rẹ̀. Ní àyè alága, “ìyàwó alága ìjọba ìbílẹ̀” nìkan ni wọ́n kọ pẹ̀lú èdè Hausa, láìsí orúkọ. Hajiya yìí ló ń fọwọ́ sí ìwé owó ní báńkì, òun ló ń parí ìjà, kò sì sí ìwé ìròyìn tó dárúkọ rẹ̀ rí.

Irú wọn ni kí ẹ tètè wá lọ, nítorí wọ́n ti dàgbà. Bí ẹ bá jẹ́ ọkùnrin, ẹ mú obìnrin tó gbọ́ Hausa tàbí Gbagyi dání. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kì í gba àjèjì ọkùnrin wọlé.