Ẹ Bi Wá: Ṣé owó wà nínú họ́kì orí yìnyín?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ọmọ àbúrò mi ní Kánádà ló ní họ́kì lòun fẹ́ máa fi jẹun o, tí kò bá wá dé NHL, líìgì họ́kì tó ga jù ní Amẹ́ríkà àti Kánádà, ńkọ́?

Ìdáhùn: Owó wà, àmọ́ kò tó nǹkan. AHL ló tẹ̀lé NHL, ECHL wà lábẹ́ ẹ̀, ọ̀sẹ̀ọ̀sẹ̀ ni wọ́n ń sanwó níbẹ̀, tí líìgì bá ti parí owó dáwọ́ dúró nìyẹn, kíláàbù ló ń wá ilé tí wọ́n máa gbé fún wọn, inú bọ́ọ̀sì ni wọ́n sì máa ń sùn mọ́jú lọ gbá eré. Ẹ wo Akim Aliu tí wọ́n bí sí Òkéènè níbí, Chicago, kíláàbù NHL kan, yàn án ní 2007, síbẹ̀ eré 7 péré ló gbá ní NHL, fún Calgary, AHL àti ECHL ló pọ̀ jù níbi tó ti gbá. Ẹni tó mọ̀ ọ́n gbá gan-an lèyí o! Kó gbá a, àmọ́ kó wá sukọ́láṣíìpù họ́kì lọ yunifásítì Amẹ́ríkà.