Aṣọ fún àlejò 40, oṣù méjì ló kù

Ìbéèrè

Ẹ kú iṣẹ́ o, ma. Oṣù méjì ló kù kí n ṣègbéyàwó ní Ìbàdàn. A ò fẹ́ ariwo rárá: a ó lọ sí kọ́ọ̀tù, a ó padà sílé bàbá mi lọ jẹun, ó parí. Èèyàn 40 péré la pè: obìnrin 22, ọkùnrin 12, ọmọdé 6. Dípò kí n máa ta aṣọ ẹbí fún wọn, mo fẹ́ rán an, kí n sì fi ta wọ́n lọ́rẹ. Mo kọ́ṣẹ́ aṣọ rírán díẹ̀ kí n tó wọ ilé ìwé gíga, máṣíìnì mi ṣì wà nílé. Irú aṣọ wo ni kí n rà? Yáàdì mélòó ni yóò tó? Báwo ni mo ṣe máa wọn àwọn tó wà ní Èkó àti Àbújá?

Ìyàwó ọ̀la, Ìbàdàn

Ìdáhùn

Ìyàwó wa, ẹ kú ìmúra o. Ọlọ́run á jẹ́ kó bọ́ sásìkò.

Ẹ ti bèèrè aṣọ kí ẹ tó bèèrè sítáìlì, sítáìlì ló sì yẹ kó ṣáájú. Èèyàn 40, tí ẹ ò ní fojú kan púpọ̀ nínú wọn títí di ọjọ́ náà gan-an, kò ṣe é rán gáùn tó fún mọ́ra fún. Gáùn bẹ́ẹ̀ ń bèèrè àyà, ìbàdí, ìdí, èjìká, ó ń bèèrè síìpù, ó sì ń bèèrè kí olówó rẹ̀ wá wọ̀ ọ́ wò lẹ́ẹ̀mejì. Bùbá kì í da èèyàn láàmú tó yẹn. Ẹni tó bá fi íǹṣì méjì sanra sí i kí ọjọ́ tó pé, bùbá rẹ̀ á ṣì gbà á, aláboyún á sì wọ̀ ọ́ láìsí wàhálà. Nítorí náà: bùbá àti ìró fún obìnrin, bùbá àti ṣòkòtò fún ọkùnrin, ohun tó bá gbọ̀jẹ̀gẹ̀ fún ọmọdé. Àwọn ọ̀rẹ́ yín á máa fi sítáìlì tí wọ́n rí lórí Instagram ránṣẹ́ sí yín. Ẹ rẹ́rìn-ín, kí ẹ máa bá iṣẹ́ yín lọ.

Ó wá ku aṣọ. Ankara tó jẹ́ òwú gidi tàbí àdìrẹ ni mo fọwọ́ sí. Léèsì á fìyà jẹ yín: ó fẹ́ aṣọ ìtẹ́nú lábẹ́, ọnà ara rẹ̀ kò sì ṣe é gé bó ṣe wuni. Aṣọ òkè, ẹ fi mọ sí gèlè àti fìlà. Tí ẹ bá fẹ́ ẹ láti ọwọ́ àwọn ahunṣọ Ìṣẹ́yìn, ọ̀sẹ̀ yìí ni kí ẹ ti fi iṣẹ́ náà lé wọn lọ́wọ́, torí ọwọ́ ni wọ́n fi ń hun ún, iṣẹ́ àwọn oníyàwó mìíràn sì ti wà níwájú tiyín.

Kí ẹ tó sanwó Ankara, ẹ gba òwú díẹ̀ tó ń yọ létí aṣọ náà, kí ẹ fi iná sí i. Òwú gidi á jó bíi bébà, á sì di eérú. Tó bá yọ́, tó ṣù jọ, tó sì le, ọ̀rá ni, ooru á sì mú àwọn àlejò yín. Ẹ tún wo iṣẹ́ ara aṣọ náà dáadáa. Gígùn aṣọ ló ń yí ara ká nínú ìró, nítorí náà ẹyẹ tó dúró ṣánṣán lára bùbá á fẹ̀gbẹ́ lélẹ̀ lára ìró. Ẹ yan èyí tí kò lórí tí kò nídìí: róbótó, ìlà wínníwínní, ohun tí a lè yí síbi tó bá wù wá.

Tó bá jẹ́ àdìrẹ lẹ fẹ́, bóyá láti Ìtòkú ní Abẹ́òkúta, ọwọ́ aláró kan ṣoṣo ni kí ẹ ti ra gbogbo rẹ̀, kó sì jẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà. Ohun tí a fọwọ́ rẹ kì í dọ́gba láti ọjọ́ kan sí èkejì. Ẹ fi aṣọ funfun tó tutù díẹ̀ ra á. Bí àwọ̀ bá kun ún, ẹ ó fi omi ṣàn án títí omi á fi mọ́ kí ẹ tó gé e. Ẹni tó bá fi kàmpálà tó ń ṣí àwọ̀ jókòó sórí àga funfun ilé bàbá yín, ẹ̀yin ni wọn á máa wò.

Yáàdì wá ńkọ́? Ẹ má ka orí èèyàn, ègé ni kí ẹ kà. Fífẹ̀ Ankara tó íǹṣì 45 tàbí 46, yáàdì mẹ́fà mẹ́fà ni wọ́n sì sábà máa ń tà á. Ní fífẹ̀ yẹn, bùbá gba yáàdì 2, ìró gba yáàdì 2, ṣòkòtò náà gba yáàdì 2. Ọmọdé tí kò tíì ju ọdún mẹ́jọ lọ, yáàdì 2 ti tó o. Yáàdì mẹ́fà kan wá di ègé mẹ́ta. Àgbà 34 ní ègé méjì méjì jẹ́ 68. Ẹ fi 6 ti ọmọdé kún un, ó di 74. Yáàdì mẹ́fà 25 ló máa gbé e, ègé kan á sì ṣẹ́kù. Ẹ ra 28. Mẹ́ta tó lé yẹn kì í ṣe ìná-àpà: ẹni tí ìdí rẹ̀ bá ju íǹṣì 48 lọ á fẹ́ ìró yáàdì 2½, ọkùnrin gíga tó fẹ́ kí bùbá òun kan orúnkún á gbà tó 3, àlùmọ́gàjí yín náà á sì ṣìnà lẹ́ẹ̀kan, ó kéré tán. Bí ẹ bá sì padà sọ́jà lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, ẹ lè má rí irú rẹ̀ mọ́.

Ẹ rẹ gbogbo rẹ̀ sínú omi tútù di ọjọ́ kejì, ẹ sá a síbi òjìji, kí ẹ lọ̀ ọ́. Òwú a máa súnkì, ṣítáàṣì tó mú Ankara tuntun gan pa á sì ń bá omi lọ. Ó sàn kó súnkì lọ́wọ́ yín ju kó súnkì lára àlejò lọ.

Àwọn ará Èkó àti Àbújá: ẹ má bi wọ́n pé sáìsì mélòó ni wọ́n ń wọ̀. 14 ilé ìtajà kan kì í ṣe 14 ti òmíràn. Kí kálukú mú bùbá tó bá a lára mu, kó tẹ́ ẹ sórí bẹ́ẹ̀dì, kó wọn ọ́n láti abíyá dé abíyá, láti èjìká lẹ́bàá ọrùn dé ìsàlẹ̀, àti láti àárín ẹ̀yìn ọrùn dé ẹnu ọwọ́. Kí tépù wà lórí rẹ̀ nígbà tó bá ń ya fọ́tò tó máa fi ránṣẹ́. Fọ́tò kì í dín íǹṣì kù bí ẹnu ṣe ń dín in. Ọkùnrin á fi gígùn ṣòkòtò, ìdí àti àyíká orí kún un nítorí fìlà. Tépù tiyín náà, ẹ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ rúlà, torí èyí tó ti pẹ́ nílé a máa nà.

Páátánì bébà mẹ́ta ló máa gba gbogbo obìnrin: àyà 36 sí 40, 41 sí 46, 47 sí 52. Fífẹ̀ bùbá yíká, ìyẹn ìlọ́po méjì ìwọ̀n abíyá dé abíyá, á jẹ́ íǹṣì 50, 56 àti 62. Ẹni tó bá wà lẹ́nu ààlà, ẹ gbé e sí èyí tó tóbi. Ẹ fi íǹṣì kan sílẹ̀ nínú ojúrán ẹ̀gbẹ́ kó lè ṣe é tú. Ẹ fi sitéè, aṣọ líle tí a ń fi sí abẹ́ aṣọ, sí ọrùn kó má baà nà, kí ẹ sì fi píìnì so orúkọ olówó aṣọ mọ́ ọn lára látìgbà tí ẹ bá ti gé e. Ẹ má rán bùbá kan parí kí ẹ tó mú òmíràn: èjìká gbogbo wọn lónìí, ọrùn lọ́la, ọwọ́ lọ́jọ́ kejì rẹ̀. Ọwọ́ á yá. Ìró kò ní wàhálà, ẹ̀gbẹ́ méjèèjì tí a gé nìkan lẹ máa ṣẹ́, ẹ kàn fi okùn sí ti àwọn tí kò mọ̀ ọ́n ró.

Ti àwọn ọkùnrin, ẹ gbé e fún télọ̀. Ibi tí ẹsẹ̀ ṣòkòtò méjèèjì ti pàdé kì í ṣe ibi tí a ti ń kọ́ iṣẹ́, bùbá wọn náà á sì fẹ́ ọnà lọ́rùn. Ẹ dá ọjọ́ fún un ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ṣáájú ìgbéyàwó, ẹ má sì jẹ́ kó mọ ọjọ́ gidi. Èmi náà télọ̀ ni, mo mọ ohun tí mò ń sọ.

Ìyá yín, ìyá ọkọ yín àtàwọn àgbà obìnrin tó ní télọ̀ tiwọn, ẹ kó yáàdì mẹ́fà lé wọn lọ́wọ́ láìgé, kódà bó bá fẹ́ kan mẹ́ta tó lé náà. Ìwọ̀n tí ẹ fẹ́ wọn fún wọn lè di ọ̀rọ̀ ẹbí. Àlejò yòókù tí kò bá sì tíì fi ìwọ̀n ránṣẹ́ nígbà tó bá ku ọ̀sẹ̀ márùn-ún, ẹ fi yáàdì 4 tirẹ̀ ránṣẹ́ sí i láìrán.