Ọkọ̀ ojú irin tó ń gun òkè Snowdon: ṣé a lè gbé màmá wọ̀ ọ́?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, sà. Ìyá ọkọ mi ń bọ̀ wá kí wa ní Manchester nígbà ooru, a sì fẹ́ mú wọn dé Wales. Wọ́n ti lé ní àádọ́rin ọdún, orúnkún kò sì jẹ́ kí wọ́n rìn jìnnà mọ́. Ìdí nìyẹn tí ojú mi fi wà lára ọkọ̀ ojú irin tó ń gun òkè Snowdon láti Llanberis. Àmọ́ Bàbá Ìbejì ní òun kà á pé ọjọ́ tí wọ́n ṣí i gan-an ni ẹ́ńjìnnì rẹ̀ já bọ́ láti orí òkè, tí ẹnìkan sì kú. Wọ́n tún ní wọn kì í so ẹ́ńjìnnì mọ́ kọ́ọ̀ṣì. Ṣé òótọ́ ni? Ṣé kò séwu? – Ìyá Ìbejì

Ìdáhùn: Ìyá Ìbejì, ẹ kú ìmúra àlejò. Bàbá Ìbejì kò parọ́, òótọ́ ni méjèèjì. Síbẹ̀, ẹ gbé màmá wọ̀ ọ́. Iṣẹ́ ojú irin ni mò ń ṣe jẹun, n kò sì ní torí pé ẹ ti múra ìrìn àjò kí n wá máa fi ọ̀rọ̀ dídùn tàn yín. Ẹ́ńjìnnì tí kò so mọ́ kọ́ọ̀ṣì tó ń bà yín lẹ́rù yẹn gan-an ló yọ àwọn èrò lọ́jọ́ tí à ń wí. Ẹ jẹ́ kí n tú u palẹ̀.

Ọdún 1869 ni ojú irin láti ìlú ńlá kọ́kọ́ wọ Llanberis. Lọ́dún yẹn kan náà ni àwọn ará Amẹ́ríkà ṣí ọkọ̀ tó ń fi eyín irin gun òkè Washington, nígbà tó sì di 1871, àwọn ará Switzerland ṣí ti òkè Rigi. Lọ́dún 1871 yìí náà ni wọ́n gbé àbá lọ síwájú àwọn aṣòfin ní London pé kí wọ́n ṣe irú rẹ̀ sí Snowdon. Ìdílé Assheton-Smith tó ni ilẹ̀ náà kọ̀ jálẹ̀, wọ́n ní yóò ba ẹwà òkè jẹ́. Ìdílé yìí kan náà ló ni ibi ìfọ́kúta Dinorwic, tí wọ́n ti ń gé òkè tó wà ní òdìkejì adágún omi ní pẹlẹbẹ-pẹlẹbẹ tà fún àwọn tó ń bo òrùlé. Àwọn ni wọ́n wá ń ṣàánú ẹwà òkè o!

Ó ju ogún ọdún lọ kí ọkàn wọn tó yí, ọ̀rọ̀ ọjà ló sì yí i. Ojú irin kékeré kan wà ní apá kejì òkè náà tó parí sí abúlé Rhyd Ddu. Lọ́dún 1893, àwọn tó ni ín kàn yí orúkọ ibùdókọ̀ wọn padà sí Snowdon. Àlejò tó bá rí orúkọ yẹn lára tíkẹ́ẹ̀tì kò tún ní bi ẹnikẹ́ni léèrè Llanberis mọ́. Àwọn onílé àlejò figbe ta, ni onílẹ̀ bá gbà.

Báyìí ni wọ́n ṣe dá ilé-iṣẹ́ Snowdon Mountain Tramroad and Hotels Company sílẹ̀ lọ́dún 1894. Ẹ ṣàkíyèsí pé ilé ìtura wà nínú orúkọ náà: bí owó ọkọ̀ ṣe ń wọlé ni owó ibùsùn àti oúnjẹ náà yóò máa wọlé. Nítorí pé orí ilẹ̀ onílẹ̀ kan ṣoṣo ni wọ́n ti ń ṣiṣẹ́, wọn kò nílò òfin kankan láti ọ̀dọ̀ àwọn aṣòfin. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1894, Enid, ọmọbìnrin onílẹ̀, bá wọn gbẹ́ ilẹ̀ àkọ́kọ́. Nígbà tó fi máa di oṣù Kejì ọdún 1896, irin ti dé orí òkè. Gbogbo rẹ̀ ná wọn tó £63,800. Ọdún 1896 yìí náà ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í to ojú irin Èkó láti Ìdó, àmọ́ ti wa kò dé Ìbàdàn títí di 1901. Lóòótọ́, ti Snowdon kò ju kìlómítà méje àti ààbọ̀ lọ.

Ojú irin lásán kò lè gun òkè tó dà gẹ̀rẹ̀ báyìí. Níbi tó le jù, bí ọkọ̀ bá rìn mítà márùn-ún àtààbọ̀ síwájú, ó ti gòkè mítà kan. Kẹ̀kẹ́ irin yóò kàn máa yọ̀ lórí irin ni. Ohun tí wọ́n lò ni ọgbọ́n Roman Abt, ẹlẹ́rọ ará Switzerland: irin méjì tí wọ́n gé eyín sí lórí, tí wọ́n tò ní ìbejì sáàárín ojú irin, tí eyín ọ̀kan sì kọjú sí àlàfo èkejì. Kẹ̀kẹ́ eléyín wà lábẹ́ ẹ́ńjìnnì tó ń bọ́ sínú eyín wọ̀nyí bó ṣe ń yí. Kí ó tó fi eyín kan sílẹ̀, ó ti di òmíràn mú. Ìlú Winterthur ní Switzerland ni wọ́n ti ra àwọn ẹ́ńjìnnì náà, wọ́n sì gbé ìkòkò omi wọn dagun síwájú, kí omi inú rẹ̀ lè tẹ́jú nígbà tí ọkọ̀ bá ń gòkè.

Ìsàlẹ̀ ni ẹ́ńjìnnì máa ń wà nígbà gbogbo. Bí wọ́n bá ń gòkè, ó ń ti kọ́ọ̀ṣì láti ẹ̀yìn. Bí wọ́n bá ń sọ̀ kalẹ̀, ó ń ṣíwájú, kọ́ọ̀ṣì sì fara tì í. Bẹ́ẹ̀ náà lẹ̀yin yóò ṣe bí ẹ bá ń mú màmá gun àkàsọ̀, ẹ̀yìn wọn lẹ máa dúró sí. Nígbà tí ìwúwo kọ́ọ̀ṣì fúnra rẹ̀ ti tì í mọ́ ẹ́ńjìnnì, kí ni wọ́n tún fẹ́ so ó sí? Kọ́ọ̀ṣì náà sì ní bíréèkì tirẹ̀.

Ó wá di ọjọ́ kẹfà oṣù Kẹrin ọdún 1896, ọjọ́ Ajé Àjíǹde, tí wọ́n ṣí i fún gbogbo ènìyàn. Ẹ́ńjìnnì àkọ́kọ́, tí wọ́n sọ ní Ladas, gbé kọ́ọ̀ṣì méjì gòkè láyọ̀. Ìgbà tó ń sọ̀ kalẹ̀, lókè ibùdó Clogwyn, ni kẹ̀kẹ́ eléyín rẹ̀ fò kúrò nínú eyín irin. Bíréèkì ẹ́ńjìnnì, ara kẹ̀kẹ́ eléyín yẹn ló wà, nítorí náà kò sí ohun tó lè dá a dúró mọ́. Awakọ̀ àti ẹni tó ń koná bẹ́ sílẹ̀. Ladas sáré díẹ̀ sí i, ó dé ibi tí ọ̀nà ti yà, ó sì rọ́ sínú ọ̀gbun.

Ká ní wọ́n so kọ́ọ̀ṣì mọ́ ọn ni, ọ̀gbun yẹn ni gbogbo èrò ì bá bá a lọ. Àmọ́ ó kàn fi kọ́ọ̀ṣì sílẹ̀ lọ ni, bíréèkì kọ́ọ̀ṣì sì mú un dúró. Ọkùnrin ará Llanberis kan, Ellis Roberts, kò dúró, ẹ̀rù mú un bẹ́ jáde, ó fara pa, ó sì kú. Bí kò bá bẹ́ ni, mo gbà pé yóò padà sílé. Lẹ́yìn náà, ọkọ̀ kejì tó ń bọ̀ láti orí òkè tún bọ́ nínú eyín níbì kan náà, ó sì kọlu kọ́ọ̀ṣì tó dúró, àmọ́ èrò kò sí nínú rẹ̀ mọ́.

Ìwádìí fi hàn pé ilẹ̀ ti rọ̀ lábẹ́ irin lẹ́yìn tí wọ́n tò ó tán, àti pé ọkọ̀ wúwo jù, ìyẹn sì mú kó máa sáré ju bó ṣe yẹ lọ. Lójú tèmi, ìkánjú ló ṣe wọ́n: wọ́n fẹ́ bá owó Àjíǹde. Ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n ṣe lẹ́yìn rẹ̀ wú mi lórí. Wọ́n ti ilẹ̀kùn ọ̀nà náà fún ọdún kan gbáko. Wọ́n dín ẹrù ọkọ̀ kù, wọ́n sì de irin mìíràn mọ́ ẹ̀gbẹ́ irin eléyín náà, tí ọwọ́ irin abẹ́ ẹ́ńjìnnì há mọ́ lábẹ́, kí kẹ̀kẹ́ má baà lè fò sókè mọ́ bó ti wù kó rí. Oṣù Kẹrin ọdún 1897 ni wọ́n tó tún gbé èrò, ọwọ́ irin yẹn kò sì kúrò níbẹ̀ títí dòní. Wọn kò fún ẹ́ńjìnnì kankan ní nọ́ńbà kìíní mọ́. Enid tó jẹ́ nọ́ńbà kejì ṣì wà lọ́dọ̀ wọn. Ọdún 1928 ni ilé-iṣẹ́ náà gba orúkọ Snowdon Mountain Railway.

Ohun tó yẹ kí ẹ máa rò nísinsìnyí ni afẹ́fẹ́. Bí ìjì bá ń jà lókè, wọn kò ní gbé yín dé ṣóńṣó, Clogwyn tàbí ìsàlẹ̀ rẹ̀ ni wọn yóò ti yí padà, nítorí náà ẹ bi wọ́n bí ọ̀rọ̀ owó yóò ṣe jẹ́ kí ẹ tó ra tíkẹ́ẹ̀tì. Ẹ tètè rà á, torí tó bá dìgbà ìsinmi àwọn ọmọ ilé-ìwé, ó máa ń tán. Ọkọ̀ sítíìmù wà, ti dísẹ́ẹ̀lì náà wà, ọ̀nà kan náà ni wọ́n ń tọ̀. Ìgòkè yóò gbà tó wákàtí kan, ìsọ̀kalẹ̀ bẹ́ẹ̀, nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lẹ ó sì lò lókè. Ilé ìyàgbẹ́ kò sí nínú ọkọ̀, kí màmá ti ya ibẹ̀ ní Llanberis kí wọ́n tó wọlé. Bó bá sì ṣe pé ooru ń mú ní ìsàlẹ̀, ẹ má tàn jẹ: Snowdon ga tó mítà 1,085, ẹ gbé aṣọ òtútù tó nípọn àti ìbòrí dání fún wọn.