Ẹ Kọ Ọ́ Sílẹ̀ Kí Ilẹ̀ Tó Mọ́: Ìdáhùn sí Lẹ́tà Yín Lórí Ìlùkulù Nínú Ilé

Nínú ìwádìí ìlera tí wọ́n ṣe káàkiri Nàìjíríà lọ́dún 2018, obìnrin 31 nínú 100, láti ẹni ọdún 15 sí 49, ló ní wọ́n ti lu òun rí láti ìgbà tí òun ti pé ọdún 15. Nínú àwọn tó ti wọlé ọkọ, 36 nínú 100 ló ti jìyà lọ́wọ́ ọkọ, yálà lílù, ìbálòpọ̀ tipátipá tàbí ọ̀rọ̀ àti ìwà tó ń pa ọkàn ẹni. Èyí tó ká wa lára jù ni pé ó lé ní ìdajì àwọn tí wọ́n fìyà jẹ tí kò wá ìrànlọ́wọ́ lọ sọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni rí. Lẹ́tà tí ẹ kọ sí wa láti Èkó jọ bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́. A ti yọ ohun tó lè tú àṣírí kúrò nínú wọn.

Àbúrò mi obìnrin lọ sí tẹ́ṣọ̀n pẹ̀lú ojú tó wú. Ẹni tó wà ní káńtà ní kó padà sílé lọ bẹ ọkọ rẹ̀, pé ọ̀rọ̀ ilé ni. Ṣé bí òfin ṣe wí nìyẹn? Ìyá Ìbejì, Muṣin

Rárá o, Ìyá Ìbejì. Láti ọdún 2007 ni Ìpínlẹ̀ Èkó ti ní òfin tirẹ̀ lórí ìwà ipá nínú ilé, ọdún mẹ́jọ kí ìjọba àpapọ̀ tó ṣe èyí tí gbogbo ayé ń pè ní VAPP fún Àbújá. Ti Èkó ni kí ẹ máa dárúkọ. Ẹni tó bá tẹ ti Àbújá jáde nínú íntánẹ́ẹ̀tì lọ bá DPO, ọ̀gá tẹ́ṣọ̀n, ní Muṣin kàn ń wá àríyànjiyàn ni.

Òfin Èkó yìí ní kí ọlọ́pàá ran ẹni tí wọ́n lù lọ́wọ́, kó bá a wá ibi tí yóò forí pamọ́ sí tàbí ilé ìwòsàn bó bá nílò rẹ̀, kó sì sọ ẹ̀tọ́ rẹ̀ fún un. "Ẹ lọ parí ẹ̀ nílé" kò sí níbẹ̀. Àwọn kan á ní òfin gba ọkọ láyè láti bá ìyàwó rẹ̀ wí. Ìwé òfin ìwà ọ̀daràn ti ilẹ̀ Hausa ni wọ́n ti gbọ́ ìyẹn, abala 55. Kò kan Èkó rárá, àní lọ́hùn-ún pàápàá, ìbáwí náà kò gbọdọ̀ di ìpalára ńlá.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti sábà máa ń bàjẹ́ ni gbólóhùn àkọ́kọ́ ní káńtà. Obìnrin tó bá ní "èmi àti ọkọ mi jà" ti fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́ di ìjà ẹni méjì. Kí àbúrò yín sọ ọ́ báyìí: "Lánàá, ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án alẹ́, ó fi bẹ́líìtì nà mí lórí àti lápá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀." Lẹ́yìn náà, kó dúró títí wọn yóò fi kọ ọ́. Kó gba orúkọ IPO, ọlọ́pàá tí yóò wádìí ẹjọ́ náà, tí wọ́n bá fún un, kó kọ ọjọ́ àti aago sínú ìwé tirẹ̀. Owó bírò, owó epo mọ́tò, owó bèélì: kò sí èyí tí òfin ní kó san nínú wọn.

Bí wọ́n bá ṣì kọ̀, kó ní òun fẹ́ rí DPO, tàbí ẹni tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ obìnrin àtọmọdé ní tẹ́ṣọ̀n náà. Bí ìyẹn náà kò bá lójú, kó jáde síta, kó pe DSVA, iṣẹ́ ìjọba Èkó tó wà fún ọ̀rọ̀ yìí gan-an, lórí 08000 333 333. Ọ̀fẹ́ ni ìpè náà. Ọdún 2014 ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ikọ̀, òfin sì sọ wọ́n di ilé iṣẹ́ tó dá dúró lọ́dún 2021. Bí lílù náà bá ń lọ lọ́wọ́, 767 tàbí 112 ni kó pe.

Kò gbá mi létí, kò jù mí nípàá. Ó kàn fi ọwọ́ méjèèjì fún mi lọ́rùn títí ojú mi fi ṣú. Ìyá ọkọ mi ní òun ò rí àpá, pé mò ń parọ́ mọ́ ọmọ òun. Adákẹ́, Báríga

Ẹ̀yin arábìnrin wa, bí ẹ bá ń ka èyí tí ẹ kò sì tíì rí dókítà, ilé ìwòsàn lẹ ó kọ́kọ́ lọ, ẹ padà wá ka ìyókù.

Ọrùn fífún kì í ṣe "kò ṣe nǹkan púpọ̀." Ìwádìí kan tó jáde ní Amẹ́ríkà lọ́dún 2008 fi hàn pé obìnrin tí ọkọ tàbí ọ̀rẹ́kùnrin rẹ̀ ti fún lọ́rùn rí, ewu pé ọwọ́ ẹni náà ni yóò kú sí fi bí ìlọ́po méje ju ti àwọn tí wọn kò fún lọ́rùn lọ. Ní ti àpá, ìyá ọkọ yín kò mọ bó ṣe rí. Kò gba agbára púpọ̀ láti tẹ iṣan ọrùn pa. Ẹ̀jẹ̀ tó ń lọ sí ọpọlọ á dá dúró, ojú á ṣú láàárín ìwọ̀nba ìṣẹ́jú àáyá, ara ọrùn lóde sì lè máà pọ́n rárá.

Ẹ dúró níwájú dígí níbi tí ìmọ́lẹ̀ wà. Ẹ fa ìpéǹpéjú ìsàlẹ̀ wálẹ̀, ẹ wo inú rẹ̀ bóyá tótòtó pupa wà níbẹ̀ bí ẹni fi orí abẹ́rẹ́ tọ́ ọ. Ẹ wo ẹ̀yìn etí náà. Ṣé ohùn yín ti há? Ṣé itọ́ gbígbé mì ń dun yín bí ẹni pé eegun ẹja há sọ́nà ọ̀fun? Ṣé ìgbà kan wà nínú ìṣẹ̀lẹ̀ náà tí ẹ kò rántí? Ṣé ìtọ̀ bọ́ lára yín? Èyí tó kẹ́yìn yìí ni àwọn obìnrin kì í fẹ́ sọ nítorí ìtìjú, bẹ́ẹ̀ òun gan-an ló ń sọ fún dókítà pé ẹ ti dákú. Inú iṣan ọrùn lè ti ya láìhàn síta, kó wá di àrùn rọpárọsẹ̀ lẹ́yìn ọjọ́ mélòó kan. Bí orí bá ń fọ́ yín burúkú, tí ẹnu wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan, tàbí tí apá kan kú tipiri, ẹ má dúró kí ilẹ̀ tó mọ́ kí ẹ tó lọ sílé ìwòsàn.

Lẹ́nu dókítà, ẹ sọ ọ́ bó ṣe rí: ta ló ṣe é, ọwọ́ kan ni tàbí méjì, ojú ṣú tàbí kò ṣú. "Mo ṣubú ní balùwẹ̀" ti ba ẹjọ́ jẹ́ ju àìsí ẹlẹ́rìí lọ. Ohun tí dókítà bá kọ sínú fáìlì lọ́jọ́ náà kì í kúrò níbẹ̀. Lóṣù mẹ́fà sí i, lọ́yà ọkọ á kà á sókè ní kọ́ọ̀tù: balùwẹ̀ lẹ wí o. Ẹ gba nọ́ńbà fáìlì yín kí ẹ tó kúrò, yálà Jẹ́nẹ́rà Ìsàlẹ̀ Èkó ni, Gbágada, LUTH tàbí LASUTH.

Ẹ ya fọ́tò lọ́jọ́ kìíní, lọ́jọ́ kejì, lọ́jọ́ kẹta, torí ibòmíràn kì í wú tàbí ṣú títí di ọjọ́ kejì. Iná fóònù kì í jẹ́ kí ojú ibi tó ṣú hàn lára aláwọ̀ dúdú, nítorí náà ẹ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé kí ìmọ́lẹ̀ gba ẹ̀gbẹ́ wọlé. Ẹ ya méjì: ìkíní, kí ojú yín àti ibi tó dùn yín jọ hàn nínú rẹ̀. Ìkejì, kó sún mọ́ ọn, pẹ̀lú owó ẹyọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ kí a lè mọ bó ṣe tóbi tó. Ẹ má gé e, ẹ má fi ohun tó ń mú ara dán sí i. Ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹnì kan tí ọkọ yín kò mọ fóònù rẹ̀. Ìhalẹ̀ tó kọ sórí WhatsApp náà, ẹ má pa á rẹ́, ẹ má sì ta fóònù ọ̀hún: abala 84 òfin ẹ̀rí ti 2011 béèrè ìwé ẹ̀rí lórí ohun tí a bá tẹ̀ jáde láti inú kọ̀ǹpútà tàbí fóònù, lọ́yà yín á sì fẹ́ kí fóònù tó ti wá gan-an wà nílẹ̀.

Bí ìbálòpọ̀ tipátipá bá wà nínú rẹ̀, 72 wákàtí ni oògùn tó ń dènà kòkòrò HIV ní, ó sì dára kó yá ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ti oyún lè dé 120 wákàtí. Mirabel Centre ní LASUTH, Ìkẹjà, ń tọ́jú irú ẹni bẹ́ẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́ láti 2013. Ẹ má wẹ̀ kí ẹ tó lọ. Inú àpò bébà ni kí ẹ kó aṣọ sí. Nínú ọ̀rá, ọ̀rinrin kì í rí ọ̀nà jáde, ẹ̀rí á sì jẹrà.

Ọkọ mi kì í lù mí. Ṣùgbọ́n òun ló ń gba gbogbo owó ìsọ̀ mi ní Balógun, ó sì ti fọ́ fóònù mi méjì. Ṣé ó kan òfin? Alájà, Ìsàlẹ̀ Èkó

Ó kàn án. Òfin 2007 ka fífi owó àti ìnáwó nini lára, bíba nǹkan ẹni jẹ́, ìhalẹ̀, èébú tó ń pani lọ́kàn, títẹ̀lé ènìyàn kiri àti dída ásíìdì síni lára mọ́ ìwà ipá nínú ilé. Ẹ tọ́jú ìwé tí ẹ ń kọ ọjà sí àti álẹ́ẹ̀tì báńkì. Ẹ má kó àfọ́kù fóònù náà dà nù.

Wọ́n ní kí n lọ gba àṣẹ ààbò ní kọ́ọ̀tù. Ṣé ìwé lè dá ọwọ́ ọkùnrin dúró ni? Màmá Tèmi, Èbúté Mẹ́ta

Ìwé nìkan kò lè dá a dúró, òótọ́ lẹ sọ. Ohun tí wọ́n so mọ́ ìwé náà ló lágbára. Bí adájọ́ bá ti fọwọ́ sí àṣẹ ààbò, á tún fọwọ́ sí ìwé tí wọ́n fi lè mú ọkùnrin náà, á wá ní kí ìyẹn ṣì sùn ná. Ọjọ́ tó bá rú àṣẹ, ẹ ó mú ìwé tó ń sùn yẹn lọ bá ọlọ́pàá pẹ̀lú ìwé ìbúra tó sọ bó ṣe rú u. Ẹ kò ní máa bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ mọ́.

Bí ẹ ṣe máa gbà á: ẹ ó kọ ìbéèrè sí kọ́ọ̀tù pẹ̀lú ìwé ìbúra. Kò di dandan kí ẹ ti ṣe ìgbéyàwó. Ẹni tí ẹ jọ ń gbé, àfẹ́sọ́nà àti mọ̀lẹ́bí wà lábẹ́ rẹ̀. Bí ẹ kò bá lè lọ, ọ̀rẹ́, nọ́ọ̀sì, olùkọ́ tàbí ọlọ́pàá lè kọ ọ́ fún yín bí ẹ bá fọwọ́ sí ìwé pé ẹ gbà. Ti ọmọdé kò nílò ìfọwọ́sí. Bí adájọ́ bá rí i pé ewu wà nítòsí, ó lè fún yín ní àṣẹ ìgbà díẹ̀ láì tíì gbọ́ ẹnu ọkùnrin náà, kó sì dá ọjọ́ tí òun náà yóò wá rojọ́.

Ẹ̀bẹ̀ gbọ̀ọ̀rọ̀ ni wàhálà. "Kó má yọ mí lẹ́nu mọ́" kò ṣeé mú ẹnikẹ́ni fún. Ẹ kọ ọ́ bí ẹni ń júwe ilé: kó má wọ ilé tó wà ní òpópónà báyìí, kódà bí orúkọ rẹ̀ ló wà lórí rìsíìtì owó ilé, kó má dé ìsọ̀ mi, kó má dé ilé ìwé àwọn ọmọ, kó má pè mí, kó má sì rán ẹnikẹ́ni sí mi. Ẹ lè béèrè owó oúnjẹ àti ìwòsàn pàjáwìrì náà, kí ẹ sì ní kí wọ́n gba ohun ìjà lọ́wọ́ rẹ̀.

Ibi tó ti ń já: wọ́n á gba àṣẹ tán, kò ní sí ẹni tó fi lé ọkùnrin náà lọ́wọ́ torí àdírẹ́sì kò pé. Ẹ kọ ibi tó ń ṣiṣẹ́ àti ibi tó ti máa ń mu ọtí sí i. Ibòmíràn ni pé obìnrin fúnra rẹ̀ á pè é pé kó wá gbé ọmọ lọ sílé ìwé, lọ́yà á sì ní "ẹ̀yin lẹ pè é." Ẹ má ṣe é. Ẹ ṣe ẹ̀dà àṣẹ náà sí àpò yín, sọ́dọ̀ mégáàdì àti sí tẹ́ṣọ̀n àdúgbò.

Owó lọ́yà kò gbọdọ̀ dá yín dúró. Office of the Public Defender ti Ìpínlẹ̀ Èkó ń bá ẹni tí kò lówó rojọ́ lọ́fẹ̀ẹ́, àwọn agbẹjọ́rò obìnrin ti FIDA náà wà. Ẹ má sì da èyí pọ̀ mọ́ ìkọ̀sílẹ̀. Ìgbéyàwó kọ́ọ̀tù, ilé ẹjọ́ gíga ló ń tú u ká, bí kò bá sì tíì pé ọdún méjì, ẹ ó kọ́kọ́ gba àyè lọ́wọ́ adájọ́. Ti ìbílẹ̀, kọ́ọ̀tù ìbílẹ̀ ni. Àṣẹ ààbò kò dúró de ìkankan nínú wọn.

Ìyàwó mi ló ń lù mí. Bí mo bá lọ sí tẹ́ṣọ̀n, ṣé wọn ò ní fi mí rẹ́rìn-ín? Bàbá Káyọ̀dé, Ṣómólú

Ó ṣeé ṣe kí wọ́n rẹ́rìn-ín, a ò ní tàn yín. Ṣùgbọ́n òfin 2007 kò ya ọkùnrin sẹ́yìn, DSVA náà ń gba ẹjọ́ yín. Gbogbo ohun tí a wí lórí fọ́tò àti dókítà kàn yín pẹ̀lú. Ẹ kàn má gbé ọwọ́ sókè padà: àpá ara rẹ̀ ni wọ́n máa kọ́kọ́ rí.

Ilé wa ojúlé mẹ́wàá ni, fesi-mí-n-fesi-ẹ. Lóru a máa ń gbọ́ igbe láti yàrá kejì, a sì máa ń yí rédíò sókè. Kí la lè ṣe láìdá ìjà sílẹ̀? Ayálégbé, Àgége

Ẹ pe 767 tàbí 112. Ẹ sọ àdírẹ́sì, ilé tó wà nítòsí tí gbogbo ènìyàn mọ̀, bóyá ọ̀bẹ tàbí ìgò wà lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, àti bóyá ọmọdé wà nínú yàrá. Kò di dandan kí ẹ dárúkọ ara yín fún àwọn tó wà nínú ilé. Ẹ má wọ àárín wọn. Ẹni méjì lè kan ilẹ̀kùn kí wọ́n béèrè ìṣáná tàbí kọ́kọ́rọ́ géètì. Ọ̀pọ̀ ọwọ́ ló máa ń sọ̀ bí àlejò bá ti kanlẹ̀kùn.

Lọ́jọ́ kejì, níbi ẹ̀rọ omi, nígbà tí ọkọ ti lọ sí ibi iṣẹ́, ẹ bá obìnrin náà sọ̀rọ̀ lóun nìkan. Ẹ má ní kó kúrò lọ́jọ́ náà, ẹ má sì jẹ́ kó sọ fún ọkọ pé òun ń lọ, torí ìgbà tí obìnrin bá ń kúrò gan-an ni ewu máa ń pọ̀ jù. Ẹ ní kó kó ẹ̀dà ìwé ìbí àwọn ọmọ, nọ́ńbà NIN, ìwé ìgbéyàwó, oògùn tó ń lò, aṣọ ilé ìwé kan fún ọmọ kọ̀ọ̀kan àti owó ọkọ̀ sínú báàgì kan, kó gbé e pamọ́ sí yàrá yín. Lẹ́yìn náà, ẹ dá àmì kan. Bí ọmọ rẹ̀ bá wá tọrọ iyọ̀ lóru, ẹ má wá iyọ̀ rárá. Ẹ ti ilẹ̀kùn mọ́ ọmọ náà sínú, kí ẹ gbé fóònù.