Ta ni Eva Nil, òṣèrébìnrin sinimá Brazil àtijọ́, kí ló dé tí a kì í fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ orúkọ rẹ̀?

Eva Comello ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Ìlú Kairo ní Íjíbítì ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1909. Bàbá rẹ̀, Pedro Comello, jẹ́ ayafọ́tò ará Ítálì, ó sì kó ẹbí rẹ̀ lọ tẹ̀dó sí Cataguases, ìlú kékeré kan ní ìpínlẹ̀ Minas Gerais ní Brazil. Ibẹ̀ ni Pedro àti Humberto Mauro, olùdarí sinimá ará Brazil, ti pawọ́ pọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ya sinimá.

Na Primavera da Vida (1926), tí Mauro darí, ló gbé Eva jáde. Bàbá rẹ̀ ló darí Senhorita Agora Mesmo tó tẹ̀ lé e. Ó tún kópa nínú Barro Humano ti Adhemar Gonzaga, tó jáde lọ́dún 1929.

Èyí tó wú mi lórí jù ni ọ̀rọ̀ fọ́tò. Eva á jókòó síwájú kámẹ́rà nílé ìyafọ́tò bàbá rẹ̀, wọ́n á wá fi àwòrán náà ránṣẹ́ sí ìwé ìròyìn Cinearte ní Rio. Bí òkìkí rẹ̀ ṣe kàn nìyẹn: àwọn òǹkàwé tí kò tíì wo sinimá rẹ̀ kankan rí mọ ojú rẹ̀ dunjú.

Bí ọmọ 20 ọdún péré ló wà nígbà tó fi sinimá sílẹ̀, tó padà sídìí iṣẹ́ fọ́tò ní Cataguases. Ó kú lọ́dún 1990. Ó dùn mí gan-an pé Barro Humano ti sọnù, kò sí ẹ̀dà rẹ̀ tó ṣẹ́ kù. Àwọn fọ́tò yẹn la fi ń rántí rẹ̀ báyìí.