Ẹ pa denoise yẹn: grain wà lára fíìmù náà

Ẹ ní fíìmù àtijọ́ tí wọ́n fi ọwọ́ yà ń jáde lójú dídán jù tí ẹ bá fi x264, ètò kọ̀ǹpútà tó ń sọ fídíò di fáìlì kékeré, fún un pọ̀: ojú ọ̀run ń pín sí ìpele bí àtẹ̀gùn, ìlà sì ń parẹ́ bí ẹni inú àwòrán bá ti ń rìn.

Denoise tí ẹ ń tàn ṣáájú, ìyẹn asẹ́ tó ń nu ìdọ̀tí kúrò lára àwòrán, ni kí ẹ kọ́kọ́ pa. Wínníwínní tó ń gbọ̀n lórí fíìmù, ìyẹn grain, ti wà níbẹ̀ láti ọjọ́ tí kámẹ́rà ti ya àwòrán náà. Denoise kò mọ̀ ọ́n yàtọ̀ sí ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ tí ayàwòrán fà. Ohun tó bá ti yí padà láti fírémù kan sí èkejì, ó lè kà á sí ìdọ̀tí. Bẹ́ẹ̀ ìyípadà gan-an niṣẹ́ ọwọ́: àwòrán 12 ni wọ́n sábà máa ń yà fún ìṣẹ́jú àáyá kan, wọ́n á ya fọ́tò ọ̀kọ̀ọ̀kan lẹ́ẹ̀mejì kó lè pé fírémù 24, ìlà kì í sì í bọ́ sójú kan náà. Mo ti rí ibi tí ìka ọwọ́ ti pòórá, tó tún yọ padà. Ó máa ń dùn mí dọ́kàn, torí ẹnì kan jókòó fa ìlà yẹn.

Ẹ̀ẹ̀kejì, ẹ fi --tune animation, ètò tí x264 ti tò sílẹ̀ fún àwòrán alárìnká, sílẹ̀. Àwòrán tó mọ́ tónítóní ló yẹ. Ó ń fi kún deblock (èyí tó ń mú ojú àwòrán dán), ó sì ń dín psy-rd (èyí tó ń dáàbò bo grain àti kúlẹ̀kúlẹ̀) kù. --tune grain ni mo ń lò fún irú fíìmù yín, pẹ̀lú CRF (nọ́ńbà ìdára àwòrán: bó bá ṣe kéré tó ni àwòrán ṣe ń dára tó) 16 sí 18 dípò 23 tó máa ń wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Fáìlì á tóbi. Ẹ jẹ́ kó tóbi.

Ti ojú ọ̀run, 10-bit ni: ìpele 1024 fún àwọ̀ kọ̀ọ̀kan dípò 256 ti 8-bit, ó sì ń ṣiṣẹ́ kódà bí fáìlì tí ẹ ń fún pọ̀ bá jẹ́ 8-bit. Ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ kì í ka H.264 (irú fídíò tí x264 ń ṣe) tó bá jẹ́ 10-bit o, torí náà x265, ètò tó ń ṣe irú tuntun tó tẹ̀lé e, ló dára jù bí ẹ bá fẹ́ wò ó lórí tẹlifíṣọ̀n.

Ẹ fi ibi tó ṣókùnkùn àti ibi tí kámẹ́rà ti ń yí dán an wò, kó máa lọ bó ṣe ń lọ; fírémù kan tó dúró máa ń tanni. Bó bá sì jẹ́ pé wọ́n ti fọ grain dànù lórí díìsì yín kẹ́ ẹ tó rà á, kò sí CRF tó lè dá ìlà padà. Ẹ wá ẹ̀dà mìíràn.